Mo Mọ Orúkọ Báhárù Náà, Mo sì Dákẹ́

Ẹ̀yin tí ẹ máa ka ìwé yìí, ẹ má bínú pé mi ò kọ́kọ́ kí yín. Tí mo bá bẹ̀rẹ̀ sí í kíni, mo mọ ara mi, n ó fi ìkíni sá fún ọ̀rọ̀ náà. Mo ṣẹ ìyàwó mi. Ọdún mẹ́tàlá rèé tí mo ti ṣẹ̀ ẹ́, kò sì mọ̀ títí di Alàmísì tó kọjá yìí.

Lọ́la, ọjọ́ Àìkú, bàbá arúgbó kan ń bọ̀ wá sílé wa láti wá tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ìyàwó mi. Ẹ̀ṣẹ̀ tí bàbá náà fẹ́ wá tọrọ àforíjì lé lórí, èmi ni mo dá a. Ìdí tí mo fi ń kọ̀wé lónìí nìyẹn. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi sùúrù kà á, kí ẹ tó bú mi.

Áfà ni mí. Mo ní ilé-kéwú kékeré kan ní Mówè. Iṣẹ́ kan wà tí àwa oníkéwú máa ń ṣe tí ọ̀pọ̀ èèyàn kò mọ̀. A máa ń kọ ewì ní èdè Lárúbáwá. Tí wọ́n bá ń sọmọ lórúkọ, tí ọmọ bá ka Àlùkùránì parí, tí àgbà kan bá kú, a ó kọ káṣídà, a ó dìde láàárín àwùjọ, a ó kà á.

Ewì yìí ní òṣùwọ̀n. Òṣùwọ̀n kọ̀ọ̀kan là ń pè ní báhárù. Mẹ́rìndínlógún ni gbogbo wọn. Ohùn gígùn àti ohùn kúkurú ló ń tẹ̀ léra wọn, bí wọ́n ṣe ń tẹ̀ léra nínú báhárù kan yàtọ̀ sí òmíràn. Tí ẹyọ ohùn kan bá yẹ̀, wọ́n á ní ewì náà ti kán. Kò sí ohun tó ń dójú ti oníkéwú tó kí wọ́n sọ bẹ́ẹ̀ lójú èèyàn.

Mo mọ̀ pé ẹlòmíì á ti máa sọ pé, "Ṣé torí ewì náà lo ṣe ń da ara rẹ láàmú?" Ẹ dúró ná. Ọ̀rọ̀ náà ju ewì lọ.

Ọ̀dọ̀ àlùfáà kan náà ní Ìfọ̀ ni èmi àti Rùkáyà, ìyàwó mi, ti kẹ́kọ̀ọ́. Èmi ni mo ṣáájú. Mo ti lo ọdún mẹ́fà níbẹ̀ kí bàbá rẹ̀ tó mú un wá láti Òkè-Àró. Èmi ni wọ́n ń pè ní ọ̀gá àwọn akẹ́kọ̀ọ́, èmi ni mò ń kọ káṣídà fún gbogbo ayẹyẹ. Tí mo bá fẹ́ kọ ìlà kan, mo gbọ́dọ̀ jókòó, kí n mú pẹ́ńsù, kí n máa ka ìka. Rùkáyà kì í ka ìka. Á máa gbálẹ̀, á máa rẹ́ ilá, ìlà á sì máa jáde lẹ́nu rẹ̀. Kò ní yẹ̀.

Mo kọ́kọ́ rò pé àkọ́sórí ni. Nígbà tí mo mọ̀ pé kì í ṣe àkọ́sórí, àyà mi já.

Lọ́jọ́ kan Àlùfáà wa ń kọ́ wa ní àwọn báhárù náà lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó dé orí èyí tí wọ́n ń pè ní Múkùtádábù, ó ní ká fò ó, pé kò sẹ́ni tó ń lò ó. Gbogbo wa ti ṣí ìwé síwájú. Rùkáyà nawọ́ sókè láti ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin lẹ́yìn. Ó ní, "Àlùfáà, ẹ jọ̀ọ́, kí ni ìtumọ̀ orúkọ rẹ̀?"

Àlùfáà rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní ohun tí a gé ni ìtumọ̀ rẹ̀, bí ìgbà téèyàn ṣẹ́ ẹ̀ka lára igi. Wọ́n ní lára báhárù mìíràn tó gùn jù ú lọ ni wọ́n ti gé e. Wọ́n fi ìka lu wàláà tó wà lórí ẹsẹ̀ wọn láti fi ohùn rẹ̀ hàn wá: fáìlátù mùfùtáìlù. Gígùn, kúkurú, gígùn, kúkurú, gígùn, kúkurú méjì, gígùn. Wọ́n ní ó ṣòro lò torí kì í fúnni láyè, o kò tíì sọ̀rọ̀ tán, ìlà ti tán. Àwọn akéwì àtijọ́ pàápàá, agbára káká ni wọ́n fi ń lò ó.

Rùkáyà ní, "Ká máa fi dárò nígbà náà, Àlùfáà. Ẹni tó ń sunkún náà kì í sọ̀rọ̀ tán."

 Àlùfáà wo ọmọbìnrin náà títí. Lẹ́yìn náà wọ́n kọjú sí èmi tí mo jókòó níwájú wọn, wọ́n ní, "Ìwọ, ṣé o gbọ́? Láti ọjọ́ tí mo ti ń kọ́ èèyàn, ẹnì kan kò sọ èyí fún mi rí." Mo ní mo gbọ́. Mo rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà dùn mí, ẹ̀yin èèyàn mi. Kí ló dé tó fi jẹ́ èmi ni wọ́n sọ ọ́ fún? Ṣé mi ò ní etí ni?

Lẹ́yìn ọdún méjì, mo fẹ́ ẹ. Mo nífẹ̀ẹ́ rẹ̀, wàláhì, mi ò purọ́. Ó lẹ́wà, ó níwà, ó bọ̀wọ̀ fún mi. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́ tó kù. Mo rò pé tó bá ti di ìyàwó mi, wọn ò ní fi wá wéra mọ́. Ta ló ń fi ọkọ wé ìyàwó? Mo rò pé ohun tó bá kọ, tèmi náà ni.

Irọ́ ni. Lọ́dún àkọ́kọ́ ìgbéyàwó wa, mo kọ káṣídà fún ìsọmọlórúkọ kan ní Magboro. Rùkáyà kà á, ó ní, "Áfà, ẹ má bínú, ìlà kẹsàn-án ń tiro díẹ̀." Ó tún un ṣe. Ìlà kan péré o. Nígbà tí mo kà á tán níbẹ̀, ìlà kẹsàn-án yẹn ni gbogbo wọn ń tún kà lẹ́nu. Ọ̀rẹ́ mi kan ní, "Áfà, ìlà yìí gbọ́n jù ẹ́ lọ o! Ṣé kì í ṣe ìyàwó lo bẹ̀ lọ́wẹ̀?" Wọ́n rẹ́rìn-ín, èmi náà rẹ́rìn-ín.

Nígbà tí mo délé, mi ò jẹ oúnjẹ rẹ̀. Ó bi mí ohun tó ṣẹlẹ̀, mo ní orí ń fọ́ mi. Ó gbé omi gbígbóná wá fún mi. Òjòwú ò lẹ́ran láyà, àwọn àgbà kò purọ́. Mo ń rù, mi ò sì lè sọ ohun tó ń ṣe mí.

Àlùfáà wa wá kú. Kí Ọlọ́run kẹ́ wọn. Wọ́n fi àdúrà ọjọ́ ogójì sí Ìfọ̀, gbogbo àwa tí wọ́n kọ́ ni wọ́n ní ká kọ arò wá. Nígbà yẹn Rùkáyà ṣẹ̀ṣẹ̀ bí Hàbíbà, àkọ́bí wa. Ọmọ náà kò tíì pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, Rùkáyà kò lè jáde. Ó gbé ọmọ lé itan, ó kọ ìlà mọ́kànlá. Ó gbé e fún mi, ó ní kí n bá òun kà á. Níbi tiwa, obìnrin kì í dìde kéwì láàárín àwọn áfà. Ọkọ rẹ̀ tàbí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ló ń bá a kà á.

Ó ní, "Múkùtádábù ni mo fi kọ ọ́, torí ohun tí Àlùfáà sọ lọ́jọ́sí. Áfà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dárúkọ rẹ̀ fún wọn tí wọ́n bá bi yín. Àwọn àgbà lè má dá ohùn rẹ̀ mọ̀."

Mo kà á nínú ọkọ̀ láti Mówè dé Ìfọ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ń ka èyí, mo sunkún. Òótọ́ ló sọ, àwọn ìlà yẹn ń tán bí ẹni tí ẹkún gbà lẹ́nu. Mò ń sunkún Àlùfáà wa, mo sì ń bínú sí ìyàwó mi, nínú ọkọ̀ kan náà. Tèmi wà nínú àpò mi, ọgbọ̀n ìlà, Rájázì ni mo fi kọ ọ́. Rájázì yìí ni àwọn onímọ̀ ń pè ní kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ àwọn akéwì, torí kò sẹ́ni tí kò lè gùn ún.

Mo kọ́kọ́ ka tèmi. Wọ́n ní "Bárákàlọ́ọ̀hù," pé kí Ọlọ́run bù kún mi, wọ́n sì ń bá ọ̀rọ̀ wọn lọ. Mo wá ní ìyàwó mi fi arò rán mi. Mo bẹ̀rẹ̀. Mo dé ìlà kẹta, gbogbo wọn dákẹ́. Bàbá Ìbàfò, tí ó dàgbà jù nínú wọn, tí gbogbo wa ń gbé ewì wa síwájú wọn kí wọ́n wọ̀n ọ́n, la ojú. Wọ́n gbé ọwọ́ sókè.

Wọ́n ní, "Dúró. Báhárù wo nìyí?"

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé. Gbogbo oníkéwú ló mọ orúkọ mẹ́rẹ̀ẹ̀rìndínlógún, a máa ń kà wọ́n bí ẹni ka orúkọ oṣù. Ṣùgbọ́n orúkọ yàtọ̀ sí ohùn. Ẹni tí kò gbọ́ ewì kan rí tí wọ́n fi Múkùtádábù kọ, kò ní dá a mọ̀ tó bá gbọ́ ọ. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ àṣà wa pé tí ohùn bá ṣàjèjì sí àwọn àgbà, ẹni tó ń kà á ló máa dárúkọ báhárù rẹ̀. Wọ́n á wá fi ìka wọ̀n ọ́n, wọ́n á rí i pé ó pé. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni wọ́n ń retí lẹ́nu mi.

Ó wà lórí ahọ́n mi. Mo rí ohun tó máa ṣẹlẹ̀ tí mo bá sọ ọ́. Bàbá Ìbàfò á wọ̀n ọ́n, wọ́n á ké Àlááhù Àkúbárù, wọ́n á ní kí n tún un kà, wọ́n á máa bi mí nípa obìnrin tó kọ ọ́. Kò sẹ́ni tó máa rántí ọgbọ̀n ìlà tèmi. Láti ọjọ́ yẹn lọ, ọkọ Rùkáyà ni wọ́n á máa pè mí.

Mo ní, "Bàbá, ẹ má bínú, èmi náà ò mọ̀ ọ́n. Ìyàwó mi ló kọ ọ́. Ọmọ tuntun ń bẹ lọ́wọ́ rẹ̀, bóyá oorun ló ń kùn ún."

Wọ́n bú sẹ́rìn-ín. Bàbá Ìbàfò mi orí, wọ́n ní, "Ó ti kán. Sọ fún un kó tọ́jú ọmọ ná." Mo jókòó.

Mo padà sí Mówè. Rùkáyà ń fún ọmọ lọ́mú. Kò tíì kí mi tán tó fi bi mí, "Ṣé ẹ dárúkọ rẹ̀ fún wọn?" Mo ní mo dá a. Mo ní wọ́n wọ̀n ọ́n, wọ́n ní ó kán, wọ́n sì rẹ́rìn-ín. Ó wo ojú mi. Ó tẹ orí ba díẹ̀. Ẹ mọ ohun tó sọ? Ó ní, "Mo kó ìtìjú bá yín láwùjọ. Ẹ dákun, ẹ dárí jì mí."

Mo ní mo ti dárí jì í.

Ẹ má tíì bú mi o. Mo ti bú ara mi. Bí ikú ilé ò bá pani, tòde ò lè pani. Èmi tó yẹ kí n ṣe asà fún un ni mo tà á fún ẹ̀rín. Nígbà tó béèrè ìwé náà, mo ní mo gbàgbé rẹ̀ sínú ọkọ̀. Irọ́ tún ni. Ó wà láàárín ìwé mi kan, mo sì máa ń yọ ọ́ kà tí kò bá sí nílé. Ó dùn mọ́ mi, ó sì ń bí mi nínú, lójoojúmọ́.

Láti ọjọ́ yẹn, Rùkáyà kò kọ ìlà kan mọ́. Kò dá mi lẹ́bi, kò fajú ro. Ó kàn dáwọ́ dúró. Ó ṣí ṣọ́ọ̀bù hìjáàbù sí Magboro, ó ń bá mi kọ́ àwọn ọmọ kéékèèké ní álífù-báà. Èmi wá di ẹni tí wọ́n ń pè síbi gbogbo láti wá kéwì. Ṣé inú mi dùn? Ó dùn. Mi ò ní purọ́ fún yín níbi tí mo dé yìí. Inú mi dùn pé èmi nìkan ló kù.

Ọ̀rọ̀ náà bẹ̀rẹ̀ sí í ká mi lára nígbà tí Hàbíbà dàgbà. Ó ń múra wólímọ̀ rẹ̀, ayẹyẹ ìparí Àlùkùránì, lọ́wọ́, ó fẹ́ kọ káṣídà fúnra rẹ̀. Ó kọ ìlà mẹ́rin, ó gbé e fún ìyá rẹ̀. Mo wà ní yàrá kejì. Mo gbọ́ tí Rùkáyà sọ pé, "Má dán an wò, ọmọ mi. Wọ́n á fi ẹ́ rẹ́rìn-ín. Etí tèmi ti kán, mi ò fẹ́ kí wọ́n sọ pé ọ̀dọ̀ mi lo ti jogún rẹ̀." Ọmọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Ó yẹ kí n jáde lọ́jọ́ náà. Mi ò jáde.

Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òótọ́ á bá a. Ọjọ́ náà ni Alàmísì.

Mo kírun Àsárì tán, mo jókòó sí pálọ̀. Bàbá Ìbàfò pè mí. Agbọ́hùn fóònù mi ti bàjẹ́, àfi kí n tẹ̀ ẹ́ kó máa pariwo síta. Wọ́n ti darúgbó gan-an báyìí. Wọ́n ní àwọn ń ka ìwé àtijọ́ kan, àwọn rí àpẹẹrẹ ìlà kan tí wọ́n fi Múkùtádábù kọ, àwọn fi ìka lù ú, àyà àwọn sì já. Wọ́n ní, "Arò obìnrin yẹn lọ́jọ́sí! Ohùn yẹn kò kúrò létí mi. Èmi ni mo ní ó kán. Mi ò fẹ́ gbé e dé sàréè. Mò ń bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú láti wá bẹ̀ ẹ́."

 Mo ní, "Bàbá, ẹ má yọ ara yín lẹ́nu. Kò sí nílé. Ó lọ sọ́dọ̀ àwọn èèyàn rẹ̀ ní Ìbògùn, kò ní tètè dé."

Wọ́n ní ó dáa, kí n ka arò náà fún àwọn lórí fóònù, kí ọkàn àwọn fi balẹ̀. Mo rò pé tí mo bá kà á, wọn ò ní wá mọ́. Mo yọ ìwé náà. Mo kà á láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Mò ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń fi ìka lu nǹkan lọ́hùn-ún.

Wọ́n ké, "Súbúhánàlọ́ọ̀hì! Múkùtádábù ni. Kò yẹ̀ níbì kan. Ọmọ mi, kí ló dé tí o kò sọ fún wa lọ́jọ́ náà? Àbí ìwọ náà ò mọ̀ ọ́n lóòótọ́?"

Mo ní, "Mi ò mọ̀ ọ́n, Bàbá. Mi ò gbọ́ orúkọ rẹ̀ pẹ̀lú ohùn rẹ̀ rí."

Mo gbójú sókè. Rùkáyà dúró lẹ́nu ọ̀nà, báàgì ṣọ́ọ̀bù ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Òjò ti ṣú ní Magboro, ó ti tètè pa ṣọ́ọ̀bù dé. Mi ò mọ iye tó ti gbọ́, ṣùgbọ́n ó gbọ́ irọ́ tí mo pa gbẹ̀yìn yẹn. Òun àtèmi la jọ wà nínú kíláàsì nígbà tí Àlùfáà wa fi ìka lu wàláà. Òun ló béèrè. Èmi ni wọ́n kọjú sí.

Kò pariwo. Kò sunkún. Ó ní, "Áfà, ẹ sọ fún Bàbá pé mo wà nílé."

Bàbá gbọ́ ọ. Wọ́n ní, "Ta nìyẹn? Ṣé òun nìyẹn?"  Rùkáyà sún mọ́ fóònù, ó kúnlẹ̀ kí wọn bí ẹni pé wọ́n ń rí i, ó ní kí wọ́n máa bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú, òun ń retí wọn. Ó mú ìwé náà lórí àga, ó wọlé.

Láti ìgbà náà kò tíì sọ nǹkan kan nípa rẹ̀. Ó ń gbé oúnjẹ mi wá. Ó ń kúnlẹ̀ bó ṣe máa ń kúnlẹ̀. Ó ní, "Áfà, ẹ jẹun." Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti lanu láti bẹ̀ ẹ́, ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo béèrè omi. Ká ní ó bú mi, ká ní ó kó ẹrù rẹ̀ lọ sílé bàbá rẹ̀, ǹ bá mọ ibi tí mo máa gbà.

Lówùúrọ̀ yìí, mo ń kọjá lẹ́nu yàrá rẹ̀. Ó jókòó sórí ẹní pẹ̀lú Hàbíbà, ìwé náà wà láàárín wọn. Ó ń fi ìka lu ilẹ̀: fáìlátù mùfùtáìlù. Hàbíbà sọ ìlà kan láti ọkàn ara rẹ̀. Kò ka ìka. Ìlà náà kò yẹ̀. Rùkáyà rẹ́rìn-ín, irú ẹ̀rín tí mi ò gbọ́ láti ọdún mẹ́tàlá. Wọ́n rí mi, àwọn méjèèjì dákẹ́.

Ó yẹ kí inú mi dùn. Ẹ wò ó, mo ti pinnu pé mi ò ní purọ́ fún yín. Ohun tó kọ́kọ́ sọ sí mi lọ́kàn kì í ṣe ayọ̀, kì í tilẹ̀ ṣe ìtìjú. Owú ni. Mo wo ọmọ bíbí inú mi, mo sì jowú rẹ̀.

Ọ̀la ni Bàbá ń bọ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kàn sọ fún mi pé kí n bẹ ìyàwó mi, mo mọ ìyẹn. Ẹni tó bá mọ bí wọ́n ṣe ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ẹni tí wọ́n ṣì ń jowú rẹ̀, ẹ ṣàánú mi, ẹ kọ́ mi kí bàbá náà tó kanlẹ̀kùn.